Làsísì Ìdí Arère àti Ìtàn Tó Fún Wọn

Ẹ̀yin ọmọ, ẹ sún mọ́ mi díẹ̀, ohùn mi kò ròkè mọ́. Lánàá, ẹ bi mí ìdí tí mo fi dúró níwájú ṣọ́ọ̀bù àwọn tó ń tún fóònù ṣe ní Òkè-Àgbò, tí mo ń wo ilẹ̀ bí ẹni tí nǹkan bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀. Mi ò dá yín lóhùn, nítorí ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìdúró. Ibi tí wọ́n to gíláàsì fóònù sí yẹn, ìdáná mi ló wà níbẹ̀ rí. Níbẹ̀ ni mo ti se ìkọ́kọrẹ́ tí mo fi tọ́ ìyá yín Dúpẹ́ àti àbúrò ẹ̀ lẹ́yìn tí bàbá wọn kú. Ilé ọtí ni. Bọ̀dá Làsísì ló ni ín, kí Ọlọ́run dẹ ilẹ̀ fún un.

Bí àgbà bá ń sọ̀rọ̀ ayé àtijọ́, ẹ máa ń rò pé ayé náà dákẹ́ rọ́rọ́. Kò dákẹ́. Ìjẹ̀bú-Igbó tí mo wọ̀ nígbà tí mo wá fẹ́ ọkọ, ayùn sọ́mìlì ló ń jí wa kí àkùkọ tó kọ. Ọkọ̀ agbégẹdú a máa gbọ̀n bí ẹni tí òtútù mú, a máa gun òkè bọ̀ láti inú igbó, igi ẹ̀yìn ẹ̀ a ga ju òrùlé lọ. Òórùn igi tútù wà nínú aṣọ wa, ó wà nínú omi tí à ń mu. Lónìí, ẹ̀yin kò tilẹ̀ mọ arère yàtọ̀ sí ìrókò. Ẹ̀bi yín kọ́, igbó ni kò sí mọ́. Àwọn tó gé e kò ṣàánú ẹ̀, òun náà kò sì ṣàánú wọn. Ọ̀pọ̀ ló fi apá tàbí ẹsẹ̀ sílẹ̀ níbẹ̀. Làsísì kò fi apá sílẹ̀. Ohun tó fi sílẹ̀ ju apá lọ.

Ọmọ ààfáà ni. Bàbá ẹ̀ ń kọ́ àwọn ọmọ ní kéú lẹ́bàá mọ́ṣáláṣí, òun náà sì ka Kùránì dé ibi tó jìnnà. Ṣùgbọ́n igi ló wù ú. Ó bá àwọn agégẹdú lọ, nígbà tó yá ó di ọ̀kan nínú àwọn tó ń fi omi gbé igi. Wọ́n á yí igi wọ omi lápá Ìwópin, wọ́n á fi okùn so wọ́n pọ̀ bí ẹní ńlá, wọ́n á máa fi ọ̀pá tì í lọ lórí ọ̀sà títí dé Èbúté-Mẹ́ta. Orí igi yẹn ni wọ́n ń sùn, orí ẹ̀ ni wọ́n ti ń dáná. Ìwópin yẹn ló ti rí Sàbítíyù tó fi ṣaya. Sàbítíyù bí ọmọbìnrin kan, wọ́n sọ ọ́ ní Múlíkà. Kò pẹ́ lẹ́yìn náà ni Sàbítíyù kú. Ohun tí gbogbo Òkè-Àgbò gbọ́ ni pé ibà ló pa á.

Làsísì kò padà sórí omi mọ́. Ó gbé ọmọ náà lọ fún ìyá tiẹ̀ ní Iláporu. Lẹ́yìn náà ló wá kọ́ yàrá méjì sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì tó lọ sí Àgọ́-Ìwòyè, ó yí ìtì arère kan síwájú ẹ̀ fún ìjókòó, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ta ọtí. Ìyẹn ni àwọn èèyàn fi ń pe ibẹ̀ ní Ìdí Arère.

Ọjọ́ tí bàbá ẹ̀ gbọ́, ó wá. Kò sọdá títì. Òdìkejì ló dúró sí, kẹ̀wù funfun lọ́rùn ẹ̀.

Ó ní, “Làsísì, ọmọ tí mo fi Kùránì tọ́, ọtí lo wá ń tà?”

Làsísì kúnlẹ̀ síbi tó wà. “Ẹ foríjì mí, Bàbá. Ibi tí èèyàn ti lè jókòó kó má dá wà ni mò ń wá.”

Bàbá náà yí padà. Kò fẹsẹ̀ kan ibẹ̀ títí tó fi kú.

Ohun tó ya àwọn èèyàn lẹ́nu ni pé Làsísì kì í mutí. Wọ́n a máa fi í ṣe yẹ̀yẹ́ pé ó ń ta ohun tí kò lè tọ́ wò, á kàn rẹ́rìn-ín. Bí oṣù ààwẹ̀ bá ti lé, á ti ilẹ̀kùn. Bó bá sì di ọjọ́ tí Agẹmọ ń kọjá, tí àwa obìnrin kò gbọdọ̀ jáde, òun fúnra ẹ̀ ló máa ń wọ ìdáná mi, iyọ̀ ọbẹ̀ ọjọ́ náà a sì fẹ́ẹ̀ lè pa èèyàn.

Òjò ló kọ́kọ́ mú òǹkọ̀wé wá bá wa. Tíṣà kan wà, Délé lorúkọ ẹ̀, ọmọ ìjọ Áńgílíkà, ọmọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ tó ń kọ́ àwọn ọmọ ní Yorùbá nílé ẹ̀kọ́ girama. Ó sá wọlé pẹ̀lú ìwé lábẹ́ ẹ̀wù, ó fọwọ́ bò ó bí ẹni gbé òròmọdìẹ. Làsísì bi í pé kí ló fi pamọ́. Ó ní eré orí ìtàgé lòun ń kọ. Làsísì ní, “Kà á ká gbọ́.” Ó kà á. Làsísì sọ fún un pé ẹni tó pe ara ẹ̀ ní ọdẹ nínú eré náà kò tíì wọ igbó rí, ó sì jókòó, ó sọ bí igbó ṣe ń rí láfẹ̀mọ́júmọ́ fún un. Òjò dá, Délé kò lọ.

Bó ṣe mú àwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ wá nìyẹn. Olùkọ́ méjì ń wá láti yunifásítì Àgọ́-Ìwòyè. Ọmọ àlùfáà Mẹ́tọ́díìsì kan ń wá tó ń kọ ewì. Akọ̀wé àgbàlagbà kan tó ń ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ tákàdá Ìwópin náà ń wá, a máa ru tákàdá tí wọ́n gé kù wá fún wọn, wọ́n á pín in bí ẹni pín ẹran Iléyá. Òfin kan ṣoṣo ni Làsísì fi lélẹ̀: bí ẹnì kan bá ń ka ohun tó kọ, kò sẹ́ni tó gbọdọ̀ sọ̀rọ̀, títí kan àwọn awakọ̀ agbégẹdú tó kàn wá mu bíà. Mo ti rí awakọ̀ tó dẹ́kun jíjẹ ẹran nítorí ewì. Ẹ rẹ́rìn-ín, òótọ́ ni.

Lọ́jọ́ kan, ọmọ àlùfáà yẹn gbé ewì ẹ̀ sórí arère, ó lọ tọ̀. Ewúrẹ́ aládùúgbò jẹ ewì náà tán pátápátá. Ọmọkùnrin náà fẹ́ sunkún. Làsísì gbá a lẹ́yìn, ó ní, “Má bínú, àbúrò. Àwa gbọ́ ewì ẹ, a kàn yìn ín. Ewúrẹ́ nìkan ló gbà á sínú.” A rín in títí.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́ fún yín: nítorí ìtàn Làsísì ni wọ́n ṣe ń wá, ọtí wà níbòmíì. Bó bá ń ròyìn bí ọ̀sà ṣe ń mí lábẹ́ igi, bí àwọn apẹja Ìwópin ṣe ń pe ara wọn nínú kùrukùru, ẹnu ìdáná ni mo máa ń dúró sí pẹ̀lú ṣíbí lọ́wọ́, ọbẹ̀ á sì jóná. Ó ní ìtàn tó pọ̀. Èyí tí kò sọ rí ni ti Sàbítíyù.

Múlíkà ti ń dàgbà ní Iláporu. Ọjọ́ ìsinmi ló máa ń wá kí bàbá ẹ̀, ọmọ pẹ̀lẹ́, a máa kí mi lórí ìkúnlẹ̀. Ìyá Làsísì a máa kì í ní “ọmọ inú agbọ̀n.” Múlíkà bi mí nígbà kan pé, “Ìyá Dúpẹ́, kí ló dé tí Ìyá Àgbà ń pè mí bẹ́ẹ̀?” Mo ní mi ò mọ̀, lóòótọ́ mi ò sì mọ̀. Mo rò pé oríkì ilé wọn ni.

Àfi ọ̀sán kan tí òjò ń rọ̀ tí kò fẹ́ dá. Kò sí oníbàárà, àfi Délé. Àwọn méjèèjì jókòó, èmi ń rin ewùrà lẹ́yìn ògiri pákó. Délé sọ pé ìyá òun kú lóṣù tó kọjá, ó ń dun òun pé òun kò sí nílé. Mi ò mọ ohun tó já nínú Làsísì nígbà tó gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn. Ó ní, “Èmi náà kò sí nílé.” Ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́.

Kì í ṣe ibà ló pa Sàbítíyù. Lẹ́yìn tó bímọ, oorun kúrò lójú ẹ̀. Kì í wo ọmọ. Ojú omi ló máa ń wò láti àárọ̀. Àbísínwín ni àwọn àgbà ń pè é. Nígbà tí igi tún fẹ́ lọ sí Èbúté-Mẹ́ta, ó di Làsísì lẹ́wù mú, ó ní, “Má lọ lọ́tẹ̀ yìí.” Igi ti wà lómi, àwọn èèyàn ń dúró dè é. Ó lọ. Lẹ́yìn tó lọ, Sàbítíyù gbé ọmọ wá sétí ọ̀sà, ó tẹ́ ìró ara ẹ̀ sínú agbọ̀n ẹja, ó tẹ́ ọmọ sínú ẹ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, ó sì wọ omi lọ. Igbe ọmọ ni àwọn apẹja gbọ́. Àwọn ará ilé ẹ̀ ní kí ẹnikẹ́ni má sọ ọ́ nítorí ìtìjú, wọ́n sin ín láìsunkún. Làsísì ní, “Mo ti búra pé ọmọ yẹn kò ní gbọ́ ọ. Kí ọmọ má dàgbà pẹ̀lú èrò pé ìyá òun kọ òun.”

Mo gbọ́ bí Làsísì ṣe ń sunkún.

Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Ẹ ti gbọ́ òwe yẹn títí ó ti di nǹkan ẹ̀fẹ̀ sí yín. Èmi rí ẹyin náà tó balẹ̀.

Nígbà tó yá, Délé kó àwọn ọ̀dọ́ jọ, ó ní àwọn fẹ́ ṣe eré tuntun nínú gbọ̀ngàn ìlú. Kò ka eré náà fún wa ní Ìdí Arère bó ṣe máa ń kà á. Ó ní òun fẹ́ kó jẹ́ ìyàlẹ́nu fún Bọ̀dá. Inú Làsísì dùn. Ó rán aṣọ funfun. Ó ránṣẹ́ sí Múlíkà, tó ti wà nílé ẹ̀kọ́ àwọn tíṣà nígbà náà, pé kó wá wo ohun tí àwọn ọmọ òun ń ṣe. Ọ̀sán Sátidé ni. Wọ́n fi bàbá àtọmọ síjòókòó iwájú pátápátá, èmi wà lẹ́yìn wọn.

Ìtàn ọkùnrin tó ń wa igi lórí omi ni. Làsísì rẹ́rìn-ín músẹ́ ní ìbẹ̀rẹ̀, ó mọ ara ẹ̀. Nígbà tí obìnrin orí ìtàgé di ọkọ ẹ̀ lẹ́wù mú, mo rí i tí èjìká Làsísì le. Nígbà tí obìnrin náà gbé agbọ̀n jáde, mo wo ọrùn Múlíkà. Kò mira. Gbogbo èrò ń sunkún. Ọmọbìnrin tó ṣe eré náà mọ̀ ọ́n ṣe, ẹ jọ̀ọ́, mi ò lè purọ́. Bó ṣe tẹ́ ìró yẹn, bó ṣe ń rìn lọ láìwẹ̀yìn. Ni àtẹ́wọ́ bá sọ. Délé jáde sórí ìtàgé, ojú ẹ̀ ń tàn, ó ní, “Ẹni tó kọ́ wa ní ìtàn wà níbí. Bọ̀dá Làsísì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dìde ká rí yín.”

Làsísì kò lè dìde.

Nínú àtẹ́wọ́ yẹn ni Múlíkà ti yíjú sí i. Ó ní, “Bàbá, ṣé èmi ni ọmọ inú agbọ̀n yẹn?”

Ó lè purọ́. Eré ni, ta ni ì bá já irọ́ ẹ̀? Ṣùgbọ́n ó ní, “Ìwọ ni.”

“Ìyá mi, ṣé wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ wọ omi ni?”

“Ara wọn kò yá, Múlíkà. Ara wọn kò yá.”

“Ta ló tún mọ̀?”

Múlíkà wo orí ìtàgé, ó wo gbogbo èèyàn tó ń pàtẹ́wọ́. Ó ní, “Gbogbo ìlú ti wá mọ̀ ọ́n báyìí. Ẹ sọ ọ́ fún wọn nídìí ọtí kí ẹ tó sọ ọ́ fún mi.”

Kò pariwo. Ì bá pariwo ni, ì bá sàn. Ó dìde, ó gba àárín èrò kọjá, ó gun ọ̀kadà lọ sí Iláporu, ó kó ẹrù ẹ̀. Kí àwa tó débẹ̀ lọ́jọ́ kejì, ó ti lọ.

Délé wá láàárọ̀, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí ilẹ̀ tútù. “Ẹ dákun, Bọ̀dá. Mi ò dárúkọ yín. Mo rò pé mò ń bọ̀wọ̀ fún ìyá Múlíkà ni.”

Làsísì ń nu ife. Ó ní, “Dìde, Délé. Mi ò lè pè ọ́ lólè. Ẹni tó fọwọ́ ara ẹ̀ ṣílẹ̀kùn kì í ké olè. Ṣùgbọ́n o rí mi tí mò ń sunkún lọ́jọ́ yẹn. O rí mi. Báwo lo ṣe wá rò pé eré ni?”

Délé lọ sí Iláporu lọ wá Múlíkà, wọn kò mọ ibi tó wà. Eré náà ní tiẹ̀ rìn jìnnà, wọ́n ṣe é níbí, wọ́n ṣe é lọ́hùn-ún, òun náà bá a rìn, ó dé ìlú òyìnbó, kò sì padà. Mo gbọ́ pé kò kọ òmíràn mọ́. Bóyá òótọ́ ni, bóyá irọ́ ni.

Láti ọjọ́ náà, Làsísì kò sọ ìtàn mọ́. Á gbé ọtí fún ọ, á bi ọ́ nípa aya àtọmọ. Bí o bá ní, “Bọ̀dá, sọ ti ọ̀sà fún wa,” á ní, “Mo ti gbàgbé.” Àwọn òǹkọ̀wé ṣì ń wá fún ìgbà díẹ̀, wọ́n ń kàwé, òfin ìdákẹ́jẹ́ẹ́ ṣì wà. Ṣùgbọ́n ìdákẹ́jẹ́ẹ́ tẹ́lẹ̀ ni ti ẹni tó ń gbọ́ nǹkan. Ti ìgbà yìí dà bí ti ilé òkú. Ọmọ àlùfáà lọ sí Èkó. Ẹ̀rọ ilé iṣẹ́ tákàdá dákẹ́, akọ̀wé padà sí ìlú ẹ̀, kò pẹ́ tí a fi gbọ́ pé ó kú. Àwọn olùkọ́ dàgbà, ẹ̀rù ọ̀nà sì ń ba wọn. Sọ́mìlì ń kú níkọ̀ọ̀kan, awakọ̀ kò gba ọ̀nà wa mọ́. Àwọn ọ̀dọ́ tó wá rọ́pò wọn, orin tó ń dún gbàgà ni wọ́n ń fẹ́. Làsísì kò ra ẹ̀rọ orin. Nígbà tó yá, a lè jókòó láti òwúrọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́, èmi àti ẹ̀, ká má rí ẹnì kan. Mo ní ká ti ibẹ̀ pa. Ó ní, “Bó bá wá ńkọ́, tó bá ilẹ̀kùn ní títì?” Mo mọ ẹni tó ń sọ.

Àrùn ẹ̀gbà ló dá a mọ́lẹ̀. Ó mú apá ọ̀tún, ó mú ẹsẹ̀, ó sì mú ẹnu. Ojú àti ọwọ́ òsì nìkan ló kù tó ń ṣiṣẹ́. Àwọn ẹbí gbé e sí yàrá ẹ̀yìn, èmi ni mò ń fún un lẹ́kọ. Ẹnu tí gbogbo olùkọ́ Àgọ́-Ìwòyè ń jókòó tì, ó wá di pé “ha, ha” ló ń ti ibẹ̀ jáde.

Ìgbà yẹn ni Múlíkà dé. Mo ń fọ abọ́ níta, mo rí obìnrin kan tó ti ń hu ewú, aṣọ nọ́ọ̀sì wà nínú báàgì ẹ̀. Ó kúnlẹ̀ kí mi bíi ti àtijọ́. Ó ti fi iṣẹ́ tíṣà sílẹ̀, ó ti di agbẹ̀bí ní Abẹ́òkúta. Ó ní, “Ìyá Dúpẹ́, mo ti rí ohun tó ṣe ìyá mi lára àwọn abiyamọ tí mò ń tọ́jú. Àìsàn ni. Kì í ṣe pé wọ́n kọ ọmọ. Bí èèyàn bá tètè rí wọn, wọ́n máa ń yè é. Mo wá sọ fún Bàbá.”

Mo fẹ́ sọ fún un pé ẹ̀gbà ti mú ẹnu bàbá ẹ̀. Mo kàn mú un wọlé.

Nígbà tí Làsísì rí i, gbogbo ara ẹ̀ tó ṣì lè gbọ̀n ló gbọ̀n. Múlíkà jókòó sórí ẹní, ó gbá ọwọ́ ẹ̀ mú, ó sọ ọ̀rọ̀ tó torí ẹ̀ wá fún un. Omi ń ṣàn lójú bàbá náà wọ inú etí. Lẹ́yìn náà ni Múlíkà sún mọ́ ọn.

Ó ní, “Bàbá, ohun tó ṣe ìyá mi, mo ti mọ̀ ọ́n. Bí wọ́n ṣe rí ni mi ò mọ̀. Kò sí fọ́tò. Ìyá Àgbà ti kú. Mo lọ sí Ìwópin, àwọn tó mọ̀ wọ́n ti tán. Ṣé wọ́n ga? Ṣé wọ́n máa ń rẹ́rìn-ín? Orin wo ni wọ́n fi ń rẹ̀ mí lẹ́kún? Ẹ sọ ọ́ fún mi, Bàbá. Ohun tí ẹ bá rántí.”

Làsísì la ẹnu. Mo rí i tó ń wá ọ̀rọ̀, bí ẹni tó ń fi ọ̀pá wá ìsàlẹ̀ omi. “Ha,” ó ní. “Ha. Ha.” Ó gbé ọwọ́ òsì sókè, ó fi ṣe nǹkan kan lójú òfuurufú. Mi ò mọ̀ bóyá gíga ló ń wọ̀n, bóyá ìró ló ń tẹ́. Èmi kò mọ Sàbítíyù, mi ò lè ṣògbufọ̀. Múlíkà tẹ etí sí ẹnu ẹ̀ gan-an. Ó gbọ́, ó gbọ́, títí oòrùn fi kúrò lára ògiri, títí ó fi rẹ bàbá náà, tó sì sùn.

Ó nu ẹnu ẹ̀, ó bò ó láṣọ. Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí, a ti sin Làsísì.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ ìsìnkú náà, mo sin Múlíkà dé ibùdókọ̀. Nígbà tó fẹ́ wọkọ̀, mo dì í lọ́wọ́ mú, mo ní, “Múlíkà ọmọ mi, kí lo gbọ́ lẹ́nu bàbá ẹ lọ́jọ́ náà?”

Ó wò mí. Ó ní, “Mi ò gbọ́ nǹkan kan, Màmá.”